Ọgbà Tí Mo Fi Ọwọ́ Ara Mi Yà

Ọmọ ọdún méjìlélógún ni mí nígbà tí wọ́n rán mi lọ sí ilé ajẹ́lẹ̀ pé kí n máa bá ìyàwó rẹ̀ ya òdòdó. Tíṣà ni mí ní ilé ìwé àwọn ọmọbìnrin tí ìjọ wa dá sílẹ̀ ní Àgbádárìgì. Aṣọ rírán ni mo ń kọ́ wọn, mo sì ń kọ́ wọn ní àwòrán yíyà, nítorí ẹni tí kò bá lè ya ewé sórí aṣọ kò ní mọ ibi tí abẹ́rẹ́ rẹ̀ ń lọ. Ọdún díẹ̀ ló kù kí ogun àgbáyé kejì bẹ̀rẹ̀. Ajẹ́lẹ̀ òyìnbó tó wà lórí wa nígbà náà kò tíì pé ọdún kan tó dé. Ibà kan tó ń lọ tó ń bọ̀ ló ń bá ìyàwó rẹ̀ fínra, ibà náà sì ti ba ọwọ́ ọ̀tún obìnrin náà jẹ́, ó ń gbọ̀n ṣáá. Àwòrán ló sì fẹ́ràn jù láyé.

Pásítọ̀ tó jẹ́ ọ̀gá ilé ìwé wa pè mí sínú ọ́fíìsì rẹ̀. Ó ní, "Ìyàwó ajẹ́lẹ̀ ń wá ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ balẹ̀. Ìwọ ni mo dárúkọ. Máa lọ síbẹ̀ lọ́sàn-án ọjọ́ Ìṣẹ́gun àti Ọjọ́bọ̀. Má sọ̀rọ̀ jù níbẹ̀ o."

Mo ní, "Mo ti gbọ́, sà."

Inú mi dùn sí i. Mo ní láti kọ ìyẹn sílẹ̀ kí n tó kọ ohun mìíràn, torí ẹni tó bá gbọ́ ìyókù lè rò pé ẹnì kan ló fi ipá mú mi. Kò sẹ́ni tó fi ipá mú mi. Mo fọ aṣọ funfun tí mo ń wọ̀ lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, mo lọ̀ ọ́, mo sì dé ibẹ̀ kí àkókò tó tó.

Ilé ajẹ́lẹ̀ wà lórí ilẹ̀ tó ga díẹ̀ ní ẹ̀bá ọ̀sà. Láti fàráńdà òkè, ojú èèyàn á rí ọ̀sà gbalasa, á rí ilẹ̀ oníyanrìn tó wà ní òdìkejì. Bí atẹ́gùn bá fẹ́ wá láti ọ̀hún, á gbọ́ òkun tó ń bú lẹ́yìn ilẹ̀ náà bí ẹni tí wọ́n tì mọ́lé. Láàrin ilé náà àti omi ọ̀sà ni ilẹ̀ ẹbí wa wà. Ẹ̀gbọ́n bàbá mi ló ń mójú tó ilẹ̀ náà, òun náà ló tọ́ mi dàgbà. Ègùn ni wá. Dàágbó ni gbogbo ilé ń pè é, bí a ṣe ń pe àgbàlagbà ọkùnrin. Ègùn la ń sọ nílé. Yorùbá ni mo fi ń kọ èyí nítorí pé òun ni wọ́n fi kọ́ mi ní ìwé kíkà.

Igi àgbọn ló pọ̀ jù lórí ilẹ̀ náà. Igi máńgòrò ńlá kan wà níbẹ̀, ẹ̀gẹ́ díẹ̀, àti àgọ́ tí àwọn apẹja ti ń tún àwọ̀n wọn ṣe. Lábẹ́ àwọn àgbọn tó sún mọ́ omi jù ni ibojì mẹ́ta wà, tí wọ́n to ìkarahun yí ká. Bàbá bàbá mi àti ìyá bàbá mi ni méjì. Ẹ̀kẹta ni bàbá mi, tí ọ̀sà gbé nígbà tí mo wà ní ọmọ ọdún mẹ́fà, tí ó sì gbé padà fún wa lọ́jọ́ kẹta.

Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, òdòdó pupa kan tó wà nínú ife la yà. Obìnrin náà jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, aṣọ òtútù wà léjìká rẹ̀ nínú ooru yẹn, ó ń sọ fún mi ibi tí òjìji yẹ kó wà. Ó jẹ́ ẹni tí kì í pariwo. Nígbà tí a parí, ó fi ọwọ́ òsì rẹ̀ fa ìwé ńlá kan súnmọ́ mi lórí tábìlì, ìwé tó wúwo bí ọmọ ọwọ́. Àwòrán ọgbà ló kún inú rẹ̀ látòkè délẹ̀, láti ayé àtijọ́ títí dé ìgbà tiwọn.

Ó ṣí i síbi àwòrán kan tó wá láti Íjíbítì, láti ayé àwọn Fáráò. Adágún omi onígun mẹ́rin wà láàrin, ẹja àti pẹ́pẹ́yẹ wà nínú rẹ̀, igi sì yí i ká. Ṣùgbọ́n ẹni tó yà á kò yà á bí ojú ṣe ń rí nǹkan. Ó ya adágún bí ẹyẹ tó wà lókè ṣe máa rí i. Ó ya ẹja bí ẹni tó wà nínú omi ṣe máa rí i. Àwọn igi wá dùbúlẹ̀ ní ẹ̀gbẹ́ kọ̀ọ̀kan bíi pé ìjì ló wó wọn. Mo rẹ́rìn-ín, mo ní bí àwọn ọmọ kékeré kíláàsì mi ṣe máa ń yà á nìyẹn.

Kò bá mi rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Ara ògiri ibojì ni wọ́n yà á sí. Ẹni tó ni ọgbà náà ti kú. Wọ́n yà á fún un kí ó lè rí ibi òjìji jókòó sí lọ́hùn-ún, kí omi má sì wọ́n ọn."

Mo ní, "Ta ló wá ń wò ó lẹ́yìn tí wọ́n ti ibojì pa, mà?"

Ó ní, "Kò sẹ́ni tó yẹ kó wò ó."

Bẹ́ẹ̀ ni a ṣe bẹ̀rẹ̀. Ní gbogbo ìgbà tí mo bá lọ, a ó kọ́kọ́ ya òdòdó, lẹ́yìn náà a ó ṣí ìwé. Ó fi ọgbà àwọn ọba Páṣíà hàn mí, tí odò tẹ́ẹ́rẹ́ mẹ́rin pín sí mẹ́rin, tí wọ́n yà sínú ìwé, tí wọ́n sì hun sára ẹní olówùú kí ọba lè rí òdòdó tẹ́ sílẹ̀ nígbà tí òtútù bá ti pa àwọn ti ìta. Ó ní láti èdè wọn ni ọ̀rọ̀ Párádísè ti ṣẹ̀ wá, ohun tó sì túmọ̀ sí kò ju ibi tí wọ́n mọ ògiri yí ká lọ. Mo ronú lé e títí mo fi délé. Gbogbo ọjọ́ Ìsinmi la máa ń kọrin Párádísè ní ṣọ́ọ̀ṣì, n kò sì tíì ro ògiri mọ́ ọn rí.

Ó fi ọgbà àwọn Kristẹni àtijọ́ hàn mí, níbi tí Màríà jókòó sí láàrin koríko tó kún fún òdòdó wẹ́wẹ́, tí ọmọ wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀. Ògiri wà níbẹ̀ pẹ̀lú, géètì rẹ̀ sì wà ní títì.

Lọ́jọ́ kan ó ṣí i kan àwòrán ilẹ̀ òyìnbó tiwọn. Ilẹ̀ tó tẹ́ lọ salalu, koríko gbogbo, igi ńlá kan níhìn-ín, òmíràn lọ́hùn-ún, àgùntàn ń jẹ̀, omi ń dán lọ́ọ̀ọ́kán. Ilé ńlá kan wà lórí òkè. Inú mi dùn pé mo rí èyí tí kò ní ògiri, mo sì sọ bẹ́ẹ̀.

Ó ní, "Ògiri wà. Kòtò jíjìn ni wọ́n gbẹ́ dípò rẹ̀, kí ẹni tó jókòó sínú ilé má baà rí i." Ó wá gbé ìka rẹ̀ tó ń gbọ̀n lé àárín àwọn àgùntàn. "Abúlé kan wà níbí tẹ́lẹ̀. Kò jìnnà sí ìlú bàbá mi, nílé wa wọ́n máa ń sọ ìtàn rẹ̀. Ẹni tó ni ilẹ̀ ní ó ń dí òun lójú."

"Àwọn ará abúlé náà ńkọ́, mà?"

"Wọ́n kó wọn lọ sẹ́yìn òkè. Ṣọ́ọ̀ṣì nìkan ni wọ́n fi sílẹ̀, torí ó dára lójú." Ó gbé ìka rẹ̀ kúrò lórí ìwé. "Ayàwòrán ló kọ́kọ́ yà á fún olówó náà bẹ́ẹ̀, láìsí abúlé. Olówó rí i, ó sì fẹ́ràn rẹ̀."

Ó sọ ọ́ bí ẹni tó ń sọ pé òjò rọ̀ lánàá. Mo rántí pé lọ́sàn-án ọjọ́ náà gan-an ni mo ṣàkíyèsí pé nínú gbogbo ọgbà tó ti fi hàn mí, agbára káká ni mo fi rí ẹni tó mú ọkọ́ lọ́wọ́. Ẹni tó ń roko kì í sí nínú àwòrán.

Ìgbà ọyẹ́ ni ajẹ́lẹ̀ fúnra rẹ̀ wá bá wa ní fàráńdà. Ọkùnrin gíga ni, ohùn rẹ̀ tutù, ó sì máa ń dúpẹ́ lọ́wọ́ èèyàn fún ohun gbogbo. Ó wo àwọn òdòdó tí mo ti yà, ó yìn wọ́n. Lẹ́yìn náà ó na ọwọ́ sí ìsàlẹ̀, sí apá ilẹ̀ wa.

Ó ní, "Ṣé o lè ya ohun tó o ń rí láti ibi tá a dúró sí yìí dé ibi omi?"

Mo ní, "Mo lè yà á, sà."

"Ṣùgbọ́n yà á bí ọgbà. Koríko tí wọ́n gé mọ́lẹ̀, ọ̀nà tó tọ́ tààrà dé etí omi, òdòdó lẹ́gbẹ̀ẹ́ méjèèjì. Àárò ilé ń sọ ìyàwó mi. Mo fẹ́ kó rí bó ṣe lè rí."

Mo wo obìnrin náà. Ìwé ńlá náà ló ń wò, ṣùgbọ́n kò ṣí i.

Ọ̀sẹ̀ méjì ni mo fi yà á. Àwọn igi àgbọn ni mo kọ́kọ́ yà, mo sì yà wọ́n dáadáa, torí mo mọ̀ wọ́n láti kékeré: èyí tó tẹ̀ sápá omi, èyí tí mànàmáná gé lórí, àwọn méjì tó lọ́ mọ́ra. Ọwọ́ mi dùn mọ́ mi. Bí ajẹ́lẹ̀ bá ti kọ́ọ̀tù dé, á wá dúró lẹ́yìn mi, á máa wò ó. Lọ́jọ́ kan ó gbé ìka lé ibì kan.

"Kí nìyí?"

"Àgọ́ àwọn apẹja ni, sà."

"Yọ ọ́ kúrò. Àwọn òkìtì yìí ńkọ́?"

Mo ní, "Ibojì ni, sà."

Atẹ́gùn ọyẹ́ ń fẹ́ eruku sórí tábìlì, mo fi ọwọ́ bo ọ̀dà tí kò tíì gbẹ. Ó ní, "Ibojì ta ni?"

"Ti àwọn ará ilé wa ni."

N kò sọ pé bàbá mi wà nínú wọn. Ó ní, ní ohùn tútù yẹn, "Àwòrán lásán ni. Fi òdòdó síbẹ̀."

Mo rẹ búrọ́ọ̀ṣì mi, mo po ọ̀dà ewéko, mo sì fi bo òkìtì mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Nígbà tó gbẹ, mo fi òdòdó pupa sórí rẹ̀. Ó ti lé ní ogójì ọdún tí mo ti ń bi ara mi léèrè ìdí tí mo fi ṣe é. Mo lè sọ pé ẹ̀rù ajẹ́lẹ̀ ló bà mí, àwọn èèyàn á sì gbà á bẹ́ẹ̀. Òótọ́ ibẹ̀ ni pé àwòrán náà ń dára sí i, mo sì fẹ́ kó dára. Òdòdó pupa yẹn gan-an ló mú un pé. Kódà mo fi àga òkúta kan sábẹ́ igi máńgòrò láìsí ẹni tó ní kí n fi í síbẹ̀. Lọ́jọ́ tí mo parí rẹ̀, ajẹ́lẹ̀ fún mi ní àpótí ọ̀dà tuntun, mo sì dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Àwòrán kékeré tí mo fi dán ọwọ́ wò kí n tó ya ńlá wà nínú àpò mi. Fún ọjọ́ mélòó kan n kò fi han ẹnikẹ́ni. Níkẹyìn mo mú un lọ bá Dàágbó níbi tó ti ń tún ìgèrè ẹja rẹ̀ hun lẹ́yìn ilé. Ó nu ọwọ́ rẹ̀ mọ́ ìró, ó tẹ́ bébà náà sórí orúnkún. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́ nígbà tó dá àwọn igi mọ̀.

Ó ní, "Ìyá mi ló gbin eléyìí. Èyí tí mànàmáná gé rèé." Ìka rẹ̀ ń bọ̀ nísàlẹ̀ díẹ̀díẹ̀ títí ó fi dé ibi òdòdó pupa, ó sì dúró. "Bàbá rẹ dà?"

Ìgèrè tó wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀ ni mò ń wò.

"Mo ní bàbá rẹ dà?"

"Wọ́n ní kí n fi òdòdó síbẹ̀ ni, Dàágbó."

"Ta ló ní bẹ́ẹ̀?"

"Ajẹ́lẹ̀ ni."

Ó fi ọwọ́ méjèèjì dá bébà náà padà fún mi, bí ẹni tó ń gbé ìkòkò gbígbóná. Inú kò bí i sí mi, ìyẹn ló tún mú un le fún mi. Ó ní, "Ẹni tó bá ya ilẹ̀ mi tí kò yà mí mọ́ ọn, ó ti lé mi nìyẹn. Ọjọ́ tó máa sọ fún mi nìkan ló kù."

Mo ní mi ò ní lọ síbẹ̀ mọ́.

Ó ní, "Máa lọ. Bí o ò bá lọ mọ́, ta ló máa sọ fún wa ohun tí wọ́n ń ṣe?"

Nígbà tí mo padà lọ ní Ọjọ́bọ̀, àwòrán ńlá náà kò sí lórí tábìlì mọ́. Obìnrin náà nìkan ló wà ní fàráńdà, ó sùn gbalaja sórí àga gígùn, ojú rẹ̀ ti pọ́n bí epo. Mo béèrè àwòrán.

Ó ní, "Ó ti lọ sí Èkó pẹ̀lú lẹ́tà. Mo bẹ ọkọ mi pé kó má fi ránṣẹ́." Ó gbá ọwọ́ mi mú, ọwọ́ tirẹ̀ gbóná, ó ń gbọ̀n. "Sọ fún àwọn èèyàn rẹ kí wọ́n kọ̀wé ẹ̀bẹ̀ sí Èkó. Kí wọ́n tètè kọ ọ́."

A gbọ́ ìró bàtà lórí àtẹ̀gùn. Ó fi ọwọ́ mi sílẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í bá mi sọ̀rọ̀ òdòdó.

Kò pẹ́ tí àwọn tó ń wọn ilẹ̀ fi dé. Wọn kò bá ẹnikẹ́ni jà. Wọ́n kí wa dáadáa, wọ́n na ṣéènì wọn láti ìdí àgbọn kan dé òmíràn, wọ́n ń kọ nǹkan sínú ìwé, wọ́n sì ń kan èèkàn tí wọ́n fi ọ̀dà funfun kùn lórí mọ́lẹ̀. Ọ̀kan nínú àwọn èèkàn náà bọ́ sí ìsàlẹ̀ ẹsẹ̀ bàbá mi, láàrin ìkarahun. Láti ọjọ́ náà ni ilẹ̀ yẹn ti dákẹ́. Àwọn apẹja ṣì ń wá sí àgọ́ wọn, ṣùgbọ́n wọn kì í bá ara wọn sọ̀rọ̀ mọ́, wọ́n kọ ẹ̀yìn sí ilé òkè. Àwọn obìnrin ilé wa hú ẹ̀gẹ́ tí kò tíì gbó. Kò sẹ́ni tó ní kí wọ́n hú u.

Dàágbó lọ bá akọ̀wé kan tó máa ń bá àwọn èèyàn kọ ìwé ẹ̀bẹ̀. Èmi sì mú bébà tó tóbi jù lọ nínú kíláàsì mi, mo gbé àpótí ọ̀dà tuntun yẹn, mo lọ jókòó sábẹ́ igi máńgòrò orí ilẹ̀ wa lẹ́yìn tí ilé ìwé bá ti parí, ní ọ̀sán mẹ́ta léra wọn. Mo ya ohun gbogbo. Dàágbó dúró tì mí, ó ń tọ́ka: àgọ́, àwọ̀n tó wà lókùn, ọkọ̀ tí wọ́n dojú rẹ̀ dé, ibojì mẹ́ta, ìkarahun kọ̀ọ̀kan. Nígbà tí àwọn ará ilé gbọ́ ohun tí mò ń ṣe, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í wá ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, wọ́n wẹ̀, wọ́n wọ aṣọ tó dára, wọ́n wá dúró síbi tí wọ́n fẹ́ kí n yà wọ́n sí. Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Ìyàwó Dàágbó jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ibojì ìyá ọkọ rẹ̀, kò sì mira títí mo fi parí rẹ̀. Ó ní, "Ṣé mo ti wà níbẹ̀?" Mo ní, "Ẹ ti wà níbẹ̀, mà." Ó ní kí n fi hàn òun. Ó wò ó pẹ́.

Nígbà tí ìwé ẹ̀bẹ̀ wa dé Èkó, wọ́n pe ìpàdé lórí ọ̀rọ̀ ilẹ̀ náà sí kọ́ọ̀tù. Ọ̀gá òyìnbó kan ti Èkó wá. Wọ́n ti gbé àwòrán mi kọ́ ara ògiri níwájú gbogbo èèyàn, nínú férémù. Àwọn kan láàrin ìlú tí kì í ṣe ará ilé wa ń mirí sí i pé ó dára. Dàágbó dìde, ó kọ́kọ́ kí àlejò náà ní Ègùn, "Mì kúabọ̀," ó kí i káàbọ̀ sórí ilẹ̀ tó wá gbà. Lẹ́yìn náà ó fi Yorùbá tirẹ̀ tí kò dán mọ́rán bá ògbufọ̀ sọ̀rọ̀. Ó ní, "Ẹ bá mi bi wọ́n, ta ló ya nǹkan yìí?"

Ó mọ̀ ọ́n. Mo gbà pé ó fẹ́ kí ajẹ́lẹ̀ fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́.

Ajẹ́lẹ̀ fèsì, ògbufọ̀ sì túmọ̀ rẹ̀: "Ọmọ yín ni. Ọmọ onílẹ̀ gan-an ló yà á, ó sì dùn mọ́ ọn nínú. Ẹ ò rí i pé àwọn ọ̀dọ́ yín náà fẹ́ ẹ bẹ́ẹ̀?"

Gbogbo ilé yíjú sí mi. Pásítọ̀ wa wà nínú wọn, ó ń wo ilẹ̀. Mo dìde. N kò dúró de ògbufọ̀; mo sọ ọ́ ní èdè òyìnbó, mo tún un sọ ní Yorùbá, mo sì tún un sọ ní Ègùn.

Mo ní, "Èmi ni mo yà á. Ohun tó wà níbẹ̀ kọ́ ni mo yà. Bàbá mi wà lábẹ́ òdòdó pupa yẹn, èmi ni mo sì fi ọ̀dà bò ó. Èyí ni ilẹ̀ náà bó ṣe rí."

Mo gbé àwòrán kejì lọ sí iwájú, mo tẹ́ ẹ sórí tábìlì. Ọ̀gá tó ti Èkó wá wọ awò ojú rẹ̀. Ó wo èyí, ó wo ti ara ògiri. Kò kánjú. Níkẹyìn ó yọ awò ojú rẹ̀, ó bi mí pé, "Ìwọ náà lo ya méjèèjì?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, sà."

Ó ní, "Èyí àkọ́kọ́ dára ju èkejì lọ. Èèyàn ti pọ̀ jù nínú èkejì."

Bó ṣe sọ ọ́ nìyẹn, bí tíṣà tó ń máàkì iṣẹ́ ọmọ. Lẹ́yìn náà ó béèrè bóyá ibojì mẹ́ta péré ni, ó kọ ọ́ sílẹ̀, ó sì ní wọn kò ní da àwọn òkú láàmú.

Kí òjò tó dé, wọ́n ti gba ilẹ̀ náà. Ìwé tí wọ́n fi gbà á sọ pé ire ìlú ni. Àwọn ará ilé wa kó lọ bá àwọn ìbátan ìyá Dàágbó ní apá Ìkògà, nínú ilẹ̀ tó jìnnà sí ọ̀sà. Pásítọ̀ gbé èmi lọ sí ilé ìwé kékeré kan ní Mọ̀wò. Ó ní kì í ṣe ìyà, ó ní wọ́n nílò tíṣà níbẹ̀ ni. N kò bá a jiyàn.

Nígbà tí mo tún gba ibẹ̀ kọjá, wọ́n ti ṣe ọgbà náà. Mo dúró lẹ́bàá ọ̀nà. Mo ti rò pé wọn yóò ṣe ohun tó bá wù wọ́n. Àwòrán mi ni wọ́n tẹ̀ lé, láìyọ kúrò, láìfi kún un. Ọ̀nà náà tọ́ bí mo ṣe fà á. Àga òkúta tí mo kàn rò látinú orí mi wà lábẹ́ igi máńgòrò. Wọ́n ti kó ìkarahun kúrò, wọ́n fi bíríkì kéékèèké yí ibojì ká, kí wọ́n lè sọ pé wọn ò da òkú láàmú. Òdòdó pupa ni wọ́n gbìn sórí rẹ̀. Pupa gẹ́lẹ́ bí mo ṣe pò ó.

Kúùkù ilé náà, tí mo mọ̀, ló sọ fún mi pé ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni ìyàwó ajẹ́lẹ̀ sọ̀ kalẹ̀ wá síbẹ̀. Wọ́n gbé e jókòó sórí àga òkúta, wọ́n fi aṣọ bò ó. Ó ní kí wọ́n yí òun padà kí òun má kọjú sí òdòdó. Lọ́sẹ̀ kejì wọ́n fi ọkọ̀ gbé e lọ sí Èkó, láti ibẹ̀ lọ sílé. N kò gbúròó rẹ̀ mọ́. Ọkọ rẹ̀ náà kò pẹ́ lẹ́yìn rẹ̀; wọ́n gbé e lọ sí ibòmíràn, ẹni tó rọ́pò rẹ̀ kò sì fẹ́ràn òdòdó.

Dàágbó lo ọdún mẹ́ta ní Ìkògà. Kò rí omi ọ̀sà láti ẹnu ọ̀nà rẹ̀ níbẹ̀, ó sì máa ń sọ pé etí òun ti di, nítorí òun ò gbọ́ òkun mọ́. Nígbà tó kú, mo kọ̀wé sí ajẹ́lẹ̀ tuntun, mo bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n jẹ́ ká sin ín sẹ́gbẹ̀ẹ́ àwọn òbí rẹ̀ àti àbúrò rẹ̀. Ìwé àṣẹ padà wá kíákíá. Ó jọ pé ajẹ́lẹ̀ náà kò ka lẹ́tà mi délẹ̀ kó tó fọwọ́ sí i.

A fi ọkọ̀ ojú omi gbé e wá. Ọkọ̀ wa pọ̀ lórí ọ̀sà láàárọ̀ ọjọ́ náà, ọ̀pọ̀ àwọn apẹja tó ti ń lo àgọ́ yẹn ló bá wa wá. Ẹ̀ṣọ́ kan wà lẹ́nu géètì tí wọ́n ṣe sí ọgbà náà létí omi, ọkùnrin tí kì í ṣe ará ọ̀dọ̀ wa. Ó gba ìwé lọ́wọ́ mi, ó kà á, ó wo gbogbo wa.

Ó ní, "Ẹ má bínú, mà. Èèyàn mẹ́fà ni wọ́n kọ síbí pé kó wọlé."

Mo ní, "Òkú nìkan, èèyàn mẹ́rin ló gbé e."

Ó ní, "Mo mọ̀, mà. Mẹ́fà ni wọ́n kọ."

Àwọn mẹ́rin gbé e wọlé, ìyàwó rẹ̀ wọlé, èmi sì wọlé. Àwọn mẹ́rin náà ló fi ọkọ́ hú òdòdó, tí wọ́n gbẹ́ ilẹ̀. Gbòǹgbò rẹ̀ ti wọlẹ̀ ju bí a ṣe rò lọ, ó gbà wá ní àkókò. Àwọn ìyókù dúró nínú ọkọ̀ wọn lójú omi, wọ́n dìde dúró, wọ́n sì kọjú sí wa títí a fi kó yẹ̀pẹ̀ padà. Nígbà tí a jáde, ẹ̀ṣọ́ náà ka iye wa, ó ti géètì, a sì padà sínú ọkọ̀.